Ta Ni Yóò Yan Onídàájọ́? Ààlà Agbára Ìjọba Lórí Àwọn Ìgbìmọ̀ Olùgbẹ́jọ́ ní Ilẹ̀ Íńdíà, 1976 sí 2025

Ìfáárà



Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní aáyán kì í jàre láàárín agbo adìyẹ. Bí a bá yẹ òwe yìí wò dáadáa, a ó rí i pé kò sọ pé ẹjọ́ aáyán kò dára. Ohun tí ó ń sọ ni pé àwọn tí ó jókòó sí ibi ìdájọ́ ti parí ẹjọ́ náà kí aáyán tó la ẹnu. Nígbà tí a bá ń kọ ìtàn ilé-ẹjọ́, ìdájọ́ ni a sábà máa ń wò: ta ni ó jàre, ta ni ó jẹ̀bi? A kì í fi bẹ́ẹ̀ bèèrè ẹni tí ó yan onídàájọ́, irú ènìyàn tí wọ́n ní ó lè jẹ́ onídàájọ́, iye ọdún tí yóò lò lórí àga, àti ọwọ́ tí owó oṣù rẹ̀ ti ń wá. Ìbéèrè wọ̀nyí ni mo fẹ́ kí a gbé yẹ̀ wò lónìí.

Ilẹ̀ Íńdíà ni mo mú gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ, nítorí pé níbẹ̀ ni ìjà lórí ọ̀rọ̀ yìí ti hàn gbangba, nínú ìdájọ́ kan lẹ́yìn òmíràn, fún ohun tí ó súnmọ́ àádọ́ta ọdún. Ohun tí mo fẹ́ fi hàn kò ju ẹyọ kan lọ. Ìjọba ní ẹ̀tọ́ láti ṣe ìlànà nípa àwọn ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́, ṣùgbọ́n ẹ̀tọ́ náà dópin níbi tí ìlànà bá ti sọ ìjọba, tí òun fúnra rẹ̀ jẹ́ ẹlẹ́jọ́, di ẹni tí ó ń yan onídàájọ́. Ààlà yìí kì í sì í fara hàn nínú ọ̀rọ̀ ńláńlá. Inú ọ̀rọ̀ kékeré ni ó ń gbé: ọdún mẹ́ta tàbí ọdún márùn-ún, orúkọ kan tàbí orúkọ méjì, owó ilé, àti ẹni tí ìbò rẹ̀ yóò yanjú ọ̀rọ̀ bí ìbò bá dọ́gba.

Bí àwọn ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ ṣe gbilẹ̀

Ohun tí mo ń pè ní ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ ni ọ̀pọ̀ ènìyàn mọ̀ sí tíríbúnà. Kì í ṣe ilé-ẹjọ́ gan-an, síbẹ̀ ó ń gbọ́ ẹjọ́, ó sì ń dá a. Ó máa ń ní adájọ́ tàbí agbẹjọ́rò nínú, ó sì tún máa ń ní àwọn tí ó mọ iṣẹ́ kan pàtó dunjú: ẹni tí ó mọ ìṣirò owó, ẹni tí ó mọ ọ̀nà iṣẹ́ ìjọba, ẹni tí ó mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe àkóso ilé-iṣẹ́ ńlá. Irú rẹ̀ kì í ṣe ohun tuntun ní Íńdíà. Ní ọdún 1941, nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣì ń ṣe ìjọba níbẹ̀, ni wọ́n ti dá ìgbìmọ̀ tí ó ń gbọ́ ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn lórí owó-orí sílẹ̀.

Ṣùgbọ́n ọdún 1976 ni ọ̀rọ̀ náà yí padà. Ìjọba Indira Gandhi ti kéde òfin pàjáwìrì ní oṣù kẹfà ọdún 1975. Lábẹ́ òfin pàjáwìrì yìí ni ilé aṣòfin ṣe àtúnṣe kejìlélógójì sí Ìwé Òfin Ìpìlẹ̀ Íńdíà, tí ó ti wà láti ọdún 1950. Àtúnṣe yìí mú abala méjì tuntun wọlé, èyí tí a mọ̀ sí abala 323A àti abala 323B. Abala àkọ́kọ́ fàyè gba ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ fún ọ̀rọ̀ àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba. Èkejì fàyè gbà á fún owó-orí, ọ̀rọ̀ iṣẹ́, ọ̀rọ̀ ilẹ̀ àti àwọn nǹkan mìíràn. Àwọn méjèèjì ló sì fún ilé aṣòfin ní agbára láti gba irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ kúrò lọ́wọ́ gbogbo ilé-ẹjọ́ yòókù, àyàfi Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ nìkan.

Ìdí tí wọ́n sọ fún ayé ni pé ẹjọ́ ti pọ̀ jù nílé-ẹjọ́. Òótọ́ ni, ẹjọ́ pọ̀, ó sì ń pẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a bèèrè ẹni tí ń bá ẹnìkejì ṣe ẹjọ́ níwájú àwọn ìgbìmọ̀ wọ̀nyí. Òṣìṣẹ́ tí wọ́n fi ìgbéga dù ni. Ẹni tí ó fẹ̀yìntì tí owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀ kò pé ni. Oníṣòwò tí wọ́n bu owó-orí fún ju bó ti yẹ lọ ni. Ta sì ni wọ́n pè lẹ́jọ́? Nínú púpọ̀ nínú wọn, ìjọba ni. Nítorí náà, bí ìjọba bá ń yan ẹni tí yóò jókòó, tí ó ń pinnu ìgbà tí yóò dìde, tí ó sì ń san owó oṣù rẹ̀, a ti padà sí ọ̀rọ̀ aáyán àti adìyẹ.

Ààlà àkọ́kọ́: 1986 àti 1997

Ní ọdún 1985 ni ilé aṣòfin ṣe òfin tí ó dá ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ sílẹ̀ fún àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba. Òfin yìí sọ pé ẹni tí ó bá ti jẹ́ akọ̀wé àgbà nílé-iṣẹ́ ìjọba fún ọdún méjì lè di alága ìgbìmọ̀ náà. Ẹ wo ohun tí èyí túmọ̀ sí: ẹni tí ó fọwọ́ sí ìwé ìdádúró òṣìṣẹ́ lánàá lè di ẹni tí yóò gbọ́ ẹjọ́ irú òṣìṣẹ́ bẹ́ẹ̀ lónìí.

Wọ́n gbé òfin náà lọ sí Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ nínú ẹjọ́ Sampath Kumar, ìdájọ́ sì jáde ní oṣù kejìlá ọdún 1986. Ilé-ẹjọ́ kò fagi lé ìgbìmọ̀ náà. Ó ní bí ìgbìmọ̀ bá fẹ́ gba ipò ilé-ẹjọ́, ó gbọ́dọ̀ tó ilé-ẹjọ́ í ṣe. Kò gbà pé jíjẹ́ akọ̀wé àgbà nìkan tó láti sọ ènìyàn di alága. Ó tún sọ pé ìjọba kò gbọdọ̀ dá yan àwọn ọmọ ìgbìmọ̀. Kí wọ́n fi ọ̀rọ̀ lọ Adájọ́ Àgbà orílẹ̀-èdè, tàbí kí wọ́n gbé ìgbìmọ̀ olùyàn kan kalẹ̀ tí adájọ́ yóò jẹ́ olórí rẹ̀. Èyí ni ààlà àkọ́kọ́ tí a fi ọwọ́ lé.

Ó lé díẹ̀ ní ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà, ní oṣù kẹta ọdún 1997, adájọ́ méje jókòó lórí ẹjọ́ Chandra Kumar. Wọ́n ní kò sí àtúnṣe tí ó lè gba agbára láti yẹ ìṣe ìjọba wò kúrò lọ́wọ́ àwọn Ilé-ẹjọ́ Gíga, nítorí pé agbára náà wà lára òpó tí ó gbé Ìwé Òfin Ìpìlẹ̀ ró. Wọ́n tún dá àbá kan tí ó yẹ kí a fi sọ́kàn, nítorí pé a ó tún bá a pàdé níwájú: kí àjọ olómìnira kan máa bójú tó gbogbo ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́, kí ilé-iṣẹ́ ìjọba tí wọ́n ń bá ṣe ẹjọ́ má ṣe tún jẹ́ ẹni tí ń bọ́ wọn.

Ìdájọ́ ọdún 2010: kíkà ìlànà ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan

Ní ọdún 2002, wọ́n ṣe òfin tí yóò gbé ẹjọ́ àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá kúrò lọ́wọ́ Ilé-ẹjọ́ Gíga lọ sí ọ̀dọ̀ ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ tuntun. Ẹgbẹ́ àwọn agbẹjọ́rò ìlú Madras, tí à ń pè ní Chennai báyìí, gbé òfin náà lọ sílé-ẹjọ́. Orúkọ ẹgbẹ́ yìí ni a ó máa gbọ́ títí di òpin ìtàn yìí.

Adájọ́ márùn-ún ni ó dá ẹjọ́ náà ní oṣù karùn-ún ọdún 2010. Ohun tí ó jọ mí lójú nínú ìdájọ́ yìí ni pé wọ́n mú ìlànà náà ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan, bí ìgbà tí obìnrin bá ń ṣa òkúta kúrò nínú ẹ̀wà. Ọdún mẹ́ta kéré jù fún ẹni tí yóò dá ẹjọ́. Kí ó kó iṣẹ́ mọ́ra tán ni yóò ti máa múra àtilọ. Nítorí náà kí ó jẹ́ ọdún márùn-ún tàbí méje. Òṣìṣẹ́ ìjọba tí yóò wọ ibẹ̀ gẹ́gẹ́ bí onímọ̀ iṣẹ́ gbọ́dọ̀ ti dé ipò akọ̀wé àgbà tàbí ipò tí ó tẹ̀ lé e, kì í ṣe ipò kékeré. Nínú ìjókòó èyíkéyìí, àwọn onímọ̀ iṣẹ́ kò gbọdọ̀ pọ̀ ju àwọn tí ó jẹ́ adájọ́ lọ. Nínú ìgbìmọ̀ olùyàn, kí Adájọ́ Àgbà tàbí aṣojú rẹ̀ jẹ́ alága, kí ìbò rẹ̀ sì yanjú ọ̀rọ̀ bí ìbò bá dọ́gba.

Ẹnìkan lè sọ pé iṣẹ́ aṣòfin ni èyí, kì í ṣe iṣẹ́ adájọ́. Ṣùgbọ́n inú àwọn ẹyọ wọ̀nyí ni òmìnira onídàájọ́ wà. Ẹni tí yóò lo ọdún mẹ́ta péré, tí ìjọba sì ni yóò sọ bóyá yóò tún padà, mọ ibi tí ojú rẹ̀ gbọ́dọ̀ máa wò.

Òfin Ìnáwó ọdún 2017

Títí di àkókò yìí, ilé aṣòfin fúnra rẹ̀ ni ó ń kọ ìlànà yíyàn sínú òfin kọ̀ọ̀kan. Ọdún 2017 yí èyí padà. Nínú Òfin Ìnáwó ọdún náà, tí wọ́n gbà wọlé gẹ́gẹ́ bí àbá òfin owó, wọ́n fi abala 184 kún un. Abala yìí gbé gbogbo rẹ̀ lé ìjọba lọ́wọ́: irú ènìyàn tí a lè yàn, ọ̀nà yíyàn, iye ọdún, owó oṣù, àti yíyọ kúrò. Ìgbìmọ̀ 19 ni ó kàn lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ohun tí aṣòfin ń jíròrò ní gbangba tẹ́lẹ̀ wá di ohun tí akọ̀wé ń tẹ̀ jáde láti ọ́fíìsì.

Kò pẹ́ tí ìlànà jáde ní oṣù kẹfà ọdún 2017. Ọdún mẹ́ta tí ilé-ẹjọ́ ti kọ̀ tún padà wọlé. Nínú ọ̀pọ̀ ìgbìmọ̀ olùyàn, àwọn ènìyàn ìjọba ni ó pọ̀ jù.

Ní ọjọ́ 13 oṣù kọkànlá ọdún 2019, nínú ẹjọ́ Rojer Mathew, adájọ́ márùn-ún dá ọ̀rọ̀ náà sí méjì. Ọ̀pọ̀ nínú wọn gbà pé ilé aṣòfin lè fún ìjọba ní agbára láti ṣe ìlànà. Abala 184 kò ṣubú. Ṣùgbọ́n gbogbo wọn gbà pé ìlànà ọdún 2017 kò lè dúró, nítorí pé ó fi onídàájọ́ sábẹ́ ẹni tí ó ń dá ẹjọ́ rẹ̀. Mo fẹ́ kí a dúró díẹ̀ níbí. Ilé-ẹjọ́ kò sọ pé kí ìjọba má ṣe mú kálàmù. Ó sọ pé kálàmù náà ní ibi tí kò gbọdọ̀ kọjá, yálà òfin tí ó fún un ní kálàmù náà sọ bẹ́ẹ̀ tàbí kò sọ ọ́. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín níní agbára àti lílò ó bó ti wù wá ni ìdájọ́ yìí fi kọ́ni.

Ìlànà tí ń padà wá: 2020 sí 2025

Ìjọba tún ìlànà ṣe ní oṣù kejì ọdún 2020. Ọdún mẹ́ta di mẹ́rin. Ẹgbẹ́ àwọn agbẹjọ́rò Madras tún padà sílé-ẹjọ́. Nínú ìdájọ́ oṣù kọkànlá ọdún 2020, ilé-ẹjọ́ ní kí ó jẹ́ ọdún márùn-ún. Ó ní kí agbẹjọ́rò tí ó ti ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́wàá lè jẹ́ ọmọ ìgbìmọ̀. Ó ní kí àwọn olùyàn fi orúkọ kan ṣoṣo ránṣẹ́ fún àga kan, kí ìjọba sì yan ẹni náà láàárín oṣù mẹ́ta. Ó tilẹ̀ dá sí ọ̀rọ̀ owó ilé: 150,000 rupi lóṣooṣù fún alága, 125,000 fún ọmọ ìgbìmọ̀, bí ìjọba kò bá lè fún wọn ní ilé gbé. Ẹni tí ó bá rò pé ọ̀rọ̀ yẹpẹrẹ ni èyí kò tíì rí adájọ́ tí ń bẹ ilé-iṣẹ́ ìjọba fún ilé, nígbà tí ilé-iṣẹ́ náà ń dúró de ìdájọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Kí ni ìdí orúkọ kan tàbí orúkọ méjì? Bí wọ́n bá fi orúkọ méjì ránṣẹ́, ìjọba ni yóò mú èyí tí ó wù ú. Ìgbìmọ̀ olùyàn yóò wá di ẹni tí ń pàtẹ ọjà, ìjọba ni yóò sì rà.

Ní oṣù kẹrin ọdún 2021, ìjọba gbé àṣẹ kan jáde nígbà tí ilé aṣòfin kò sí ní ìjókòó. Ó dá ọdún mẹ́rin padà, ó dá orúkọ méjì padà, ó sì fi kún un pé ẹni tí kò bá tíì pé ẹni àádọ́ta ọdún kò lè jẹ́ ọmọ ìgbìmọ̀. Ní ọjọ́ 14 oṣù keje ọdún náà, adájọ́ méjì nínú mẹ́ta fagi lé àwọn apá wọ̀nyí. Kò pé oṣù kan kí ilé aṣòfin tó gba Òfin Àtúnṣe Àwọn Ìgbìmọ̀ Olùgbẹ́jọ́ wọlé, pẹ̀lú àwọn ohun kan náà nínú rẹ̀: àádọ́ta ọdún, ọdún mẹ́rin, orúkọ méjì.

Ẹjọ́ lórí òfin yìí ni ó parí ní ọjọ́ 19 oṣù kọkànlá ọdún 2025. Adájọ́ Àgbà B. R. Gavai àti Adájọ́ K. Vinod Chandran fagi lé àwọn apá tí ó dá ohun tí wọ́n ti kọ̀ padà. Ìlànà tí wọ́n gbé kalẹ̀ ṣe kedere. Ilé aṣòfin lè tún òfin ṣe lẹ́yìn ìdájọ́, ṣùgbọ́n ó gbọ́dọ̀ wo àìsàn tí ilé-ẹjọ́ tọ́ka sí. Kò lè pa aṣọ tí ó ti fàya láró kí ó sì pè é ní tuntun. Wọ́n sì pa á láṣẹ pé kí ìjọba dá àjọ olómìnira tí yóò bójú tó àwọn ìgbìmọ̀ wọ̀nyí sílẹ̀ láàárín oṣù mẹ́rin. Àbá ọdún 1997 ni èyí. Ó gba ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n kí ó tó di àṣẹ tí a dá oṣù mẹ́rin fún.

Ohun tí àwọn tí ó ta kò sọ

Agbẹjọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Ó yẹ kí a gbọ́ ti ẹnìkejì. Nínú ẹjọ́ oṣù keje ọdún 2021, Adájọ́ Hemant Gupta kò bá àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ lọ. Èrò rẹ̀ ni pé iye ọdún àti ọjọ́ orí jẹ́ ọ̀rọ̀ ìlànà ìṣèjọba, àwọn tí ará ìlú dìbò yàn ni ó sì ni í. Bí adájọ́ bá ń sọ iye ọdún àti iye owó ilé, ta ni yóò yẹ adájọ́ wò?

Ìbéèrè gidi ni. N kò rò pé a lè fi ọwọ́ rọ́ ọ sẹ́yìn. Adájọ́ náà kò yẹ kí ó di aṣòfin. Ṣùgbọ́n bí a bá wo ìtàn náà láti ìbẹ̀rẹ̀, a ó rí i pé ilé-ẹjọ́ kò dédé bẹ̀rẹ̀ sí í ka ọdún. Ní 1986, ọ̀rọ̀ gbogbogbò ni ó sọ. Ìgbà tí ọ̀rọ̀ gbogbogbò kò mú nǹkan ni ó tó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ẹyọ ọ̀rọ̀. Ẹni tí a bá kọ́kọ́ fún ní ìmọ̀ràn tí kò gbà ni a máa ń fún ní àṣẹ. Yàtọ̀ sí èyí, ìbò tí ará ìlú dì fún aṣòfin kò sọ ìjọba di ẹni tí kì í ṣe ẹlẹ́jọ́ mọ́ nígbà tí wọ́n bá pè é lẹ́jọ́.

Àga tí ó ṣófo

Síbẹ̀, irọ́ ni yóò jẹ́ bí mo bá sọ pé ilé-ẹjọ́ borí pátápátá. Ọ̀nà mìíràn wà tí a fi lè ṣẹ́gun onídàájọ́: kí a má yan ẹnikẹ́ni. Ní ọdún 2021, nígbà tí ìjà ìlànà yìí ń gbóná, àga púpọ̀ ṣófo nínú àwọn ìgbìmọ̀ wọ̀nyí. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún náà, Adájọ́ Àgbà N. V. Ramana àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bá ìjọba wí ní gbangba lórí rẹ̀.

Ẹ ro ti ẹni tí ó fẹ̀yìntì, tí ẹjọ́ rẹ̀ wà níwájú ìgbìmọ̀ tí kò ní ènìyàn. Ilé-ẹjọ́ ti gbèjà òmìnira onídàájọ́ fún un, ṣùgbọ́n kò sí onídàájọ́. Ìdí nìyí tí mo fi ka àṣẹ ọdún 2025 lórí àjọ olómìnira sí pàtàkì ju fífagi lé òfin lọ. Fífagi lé ìlànà burúkú ń dí ìjọba lọ́wọ́ láti ṣe ibi. Kò lè mú un ṣe rere. Àjọ tí yóò máa wá ènìyàn, tí yóò máa yan ènìyàn lákòókò, tí kò sì ní ẹjọ́ níwájú wọn, ni ó lè ṣe bẹ́ẹ̀.

Ohun tí ó kàn wá níbẹ̀

Orísun kan náà ni òfin Íńdíà àti òfin Nàìjíríà ti sun. Ìgbìmọ̀ Ìdájọ́ ti Ọba Gẹ̀ẹ́sì ní Lọ́ńdọ̀nù ni ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn àwọn méjèèjì ti ń parí, ti Íńdíà títí di ọdún 1949, tiwa títí di 1963. Àwa náà sì mọ ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀ nígbà tí kò bá sí ààlà. Ìgbìmọ̀ tí ó dá ẹjọ́ Zamani Lekwot àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní ọdún 1993 ní adájọ́ àti ọmọ ogun nínú. Kọ́míṣọ̀n Áfíríkà tí ó ń rí sí ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn sọ pé irú ìjókòó bẹ́ẹ̀ fúnra rẹ̀ ń fi àwòrán ojúsàájú hàn, bí kò bá tilẹ̀ jẹ́ ojúsàájú gan-an. Síbẹ̀, ní ọdún 1995, ìjọba ológun tún lo òfin kan náà láti dá ẹjọ́ Ken Saro-Wiwa àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, pẹ̀lú ọmọ ogun lórí ìjókòó, láìsí ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn. Ní ọjọ́ 10 oṣù kọkànlá ọdún náà ni wọ́n pa wọ́n.

Ìwé Òfin Ìpìlẹ̀ wa ti ọdún 1999 gba ọ̀nà mìíràn. Ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ tí ó ń gbọ́ ẹ̀sùn lórí ìwà àwọn tí ó wà nípò ìjọba, inú ìwé òfin náà ni wọ́n kọ irú ẹni tí ó lè jẹ́ alága sí, àti ọjọ́ orí tí yóò fẹ̀yìntì, tí í ṣe àádọ́rin ọdún. Ààrẹ ni yóò yàn án, ṣùgbọ́n bí ìgbìmọ̀ àpapọ̀ tí ó ń rí sí ọ̀rọ̀ àwọn adájọ́ bá ti dámọ̀ràn ni. Ṣùgbọ́n àwọn ìgbìmọ̀ mìíràn wà tí òfin lásán dá sílẹ̀, bí èyí tí ń gbọ́ ẹjọ́ owó-orí. Nípa irú wọn ni ó yẹ kí a máa bèèrè ìbéèrè tí àwọn ará Madras bèèrè.

Ìgúnlẹ̀

Láti ọdún 1976 títí di 2025, kò sí ìjọba kan ní Íńdíà tí ó jáde sọ pé òun fẹ́ pa òmìnira onídàájọ́. Ohun tí wọ́n ń sọ ni pé àwọn fẹ́ kí ẹjọ́ yá, kí àwọn onímọ̀ wọlé, kí ètò dọ́gba. Inú àwọn ẹsẹ ìlànà, níbi tí a ti ń sọ iye ọdún àti iye orúkọ, ni ọ̀rọ̀ gidi wà. Nítorí náà, ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ìtàn àti ti òfin, bí òfin tuntun bá jáde tí ó dá ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ kan sílẹ̀, ẹ má ṣe kọ́kọ́ ka ọ̀rọ̀ ìṣáájú rẹ̀. Ẹ ṣí i lọ sí ibi tí ó ti sọ ẹni tí yóò yàn, ẹni tí yóò yọ, àti ẹni tí yóò san owó. Bí orúkọ kan náà bá wà ní ibi mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, tí orúkọ náà sì tún jẹ́ ti ẹni tí a ń bá ṣe ẹjọ́, ẹ ti mọ ẹni tí yóò jàre.